Lẹ́tà Kan Tí Ẹ̀gbọ́n Mi Gé Kúrò

Bí ẹ bá gun òkè ibojì wa ní Nant-y-Fedwen láàárọ̀, nígbà tí kùrukùru ò tíì ká, ẹ ò ní rí òkúta kankan. Ọwọ́ yín ló máa kọ́kọ́ mọ̀ pé wọ́n wà níbẹ̀. Síléètì tútù ni, ó dúdú, ó tún fẹ́ jọ aró, lẹ́tà ara rẹ̀ sì mú débi pé afọ́jú lè fi ìka kà á. Ẹ̀gbọ́n mi Idwal ló gbẹ́ wọn. Ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta ló fi gbẹ́ orúkọ òkú sára òkúta, kò sì ṣi lẹ́tà kan gbẹ́ rí. Bó ṣe máa ń sọ ọ́ nìyẹn. Bí èmi náà ṣe máa ń sọ ọ́ nìyẹn, títí di ọjọ́ tí mo fẹ́ sọ fún yín yìí.

Ọdún kan ààbọ̀ ni Idwal fi jù mí lọ. Inú ilé kan la ti dàgbà, inú rẹ̀ náà la ti darúgbó, nítorí náà ẹ má retí kí n máa fi "wọ́n" pè é. Ẹni tí mo ti ń fọ ìbọ̀sẹ̀ rẹ̀ láti àádọ́ta ọdún, ọ̀wọ̀ wo ló tún kù?

Àwọn ará ìlú á ní kò láàánú lójú. Ẹ má dá wọn lóhùn. Ohun kan ṣoṣo ló mú kí wọ́n máa sá fún un. Ní èdè wa, orí ọ̀rọ̀, ìyẹn lẹ́tà tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, kì í dúró lójú kan. Ọ̀rọ̀ kékeré kan á wá síwájú ọ̀rọ̀ mìíràn, orí èyí tó tẹ̀ lé e á yí padà, tàbí kó tilẹ̀ bọ́ sọnù. Ọmọ ọdún mẹ́ta mọ̀ ọ́n lẹ́nu, ṣùgbọ́n tó bá di ká kọ ọ́ sílẹ̀, àgbà mìíràn á ṣì í. Idwal kì í ṣì í. Tí ẹ bá sì ṣì í lójú rẹ̀, ẹ gbé! Ó ti fi ṣọ́ọ̀kì tún pátákó alápatà ṣe níwájú oníbàárà. Ó ti dìde láàárín ìwàásù rí, ó ní kí pásítọ̀ tún gbólóhùn kan sọ. Ọmọge kan wà ní òdìkejì odò, Nerys lorúkọ rẹ̀, ọdún mẹ́jọ ni wọ́n fi fẹ́ra. Ọmọ náà kọ ìwé ìfẹ́ sí i, ojú ewé mẹ́rin gbáko. Idwal fi bírò pupa tún un ṣe, ó sì dá a padà. Kí lẹ rò pé ó ṣẹlẹ̀? Ọ̀dọ̀ mi náà ló jókòó sí dọjọ́ alẹ́.

Mi ò lè bínú sí i. Tó bá ti ibi iṣẹ́ dé, eruku síléètì á wà lórí ìpéǹpéjú rẹ̀, gbogbo ara rẹ̀ á dà bíi ti ẹni tó wá láti inú àlá. Á jókòó sídìí tíì, á máa fi ìka kọ orúkọ ẹni tó gbẹ́ lónìí sórí tábìlì, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni ń fi ọwọ́ pa ọmọ lórí. Ó ní ẹni tó kú ò lè bá wa jiyàn mọ́, nítorí náà ó kéré tán, ká kọ orúkọ rẹ̀ dáadáa.

Ẹnì kan ṣoṣo ló máa ń mọ̀ọ́mọ̀ ṣi èdè lójú rẹ̀ láti fi mú un bínú. Tudno nìyẹn, akéwì wa. Orí bẹ́ǹṣì kan náà ni àwọn méjèèjì jókòó sí nílé ìwé.

Kí ni kí n sọ nípa Tudno? Èyí tí ẹ bá gbọ́ nípa rẹ̀, òótọ́ ni, tibi tire. Ewì rẹ̀ gba àga ní ìdíje nígbà mẹ́ta, àga igi óákù ńlá tí wọ́n fi ń dá akéwì lọ́lá. Ní ọdún tí yìnyín bo ojú ọ̀nà, mo gbé ọbẹ̀ ọ̀dọ́ àgùntàn lọ fún un, mo bá a tó na ọwọ́ síwájú iná, ẹsẹ̀ àga ló ń jó nínú rẹ̀.

Mo ní, "Tudno! Àga ọlá nìyẹn!"

Ó ní, "Meinir, láti ọjọ́ tí wọ́n ti fún mi, òní ló kọ́kọ́ wúlò."

Mo fẹ́ sunkún, mo sì bú sẹ́rìn-ín. Bó ṣe máa ń ṣe èèyàn nìyẹn. Àárẹ̀ kan máa ń mú un tí dókítà ò rí oògùn rẹ̀. Á dùbúlẹ̀, á kọjú sí ògiri, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, kò ní bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Tó bá jàjà dìde, ilé ọtí ni. Láti ilé ọtí, àbàtà ni. Á rìn wọ àárín àbàtà lọ, omi á mù ún dé orúnkún, á gbójú sókè, á máa mira bí ẹni tó wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì. Idwal ló máa ń lọ fà á jáde. Mo tẹ̀ lé e lọ lọ́jọ́ kan, ní ìrọ̀lẹ́, òjò wẹliwẹli ń rọ̀.

"Tudno, ìrìbọmi lo tún fẹ́ ṣe ni?"

"Dákẹ́ ná, Idwal. Wọ́n ń kọrin."

"Ta ló ń kọrin? Afẹ́fẹ́ nìyẹn, ọ̀lẹ."

"Ẹgbẹ́ akọrin ni. Ohùn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló pé. Ìwọ lo ò létí."

"Mo létí. Ìwọ lo ò ní bàtà. Bàtà ọ̀tún dà?"

"Mo fi ṣe ọrẹ."

Ẹ̀gbọ́n mi bọ́ kóòtù tirẹ̀ dà á bò ó, a jọ mú un sọ̀kalẹ̀. Tudno ń wí ìlà ewì lọ lẹ́nu, Idwal ń tún gírámà rẹ̀ ṣe, Tudno ń bú u. Bẹ́ẹ̀ la ṣe délé. Mi ò rò pé àwọn méjèèjì láyọ̀ níbòmíràn tó bẹ́ẹ̀.

Tudno níyàwó rí. Ìlú ńlá òdìkejì ààlà ni obìnrin náà ti wá, ibẹ̀ ló ti lọ bímọ, ó sì gbé ọmọ náà dé nígbà tó pé oṣù mẹ́fà. Tudno ti bá pásítọ̀ ìgbà yẹn jà, nítorí náà wọn ò ṣe ìsàmì lọ́dọ̀ wa. Pwt ni bàbá rẹ̀ ń pè é, bí ẹni tó ní "Kékeré." Pwt náà ni gbogbo wa ń pè é, a ò gbọ́ orúkọ mìíràn. Kí ọmọ náà tó lè sáré dáadáa, ìyá rẹ̀ ti kó ẹrù, ó sì gbé e lọ. Mi ò dá a lẹ́bi. Èmi náà ìbá ti lọ. Láti ọjọ́ náà, ẹ ò gbọ́dọ̀ mẹ́nu kan ọmọ yẹn lójú Tudno. Tí ẹ bá ṣe bẹ́ẹ̀, á dìde kúrò nínú yàrá, ẹ ò sì ní rí i fún ọjọ́ mẹ́rin.

Ní ọdún tó pé ọgọ́ta, òtútù wọ̀ ọ́ láyà. Wọ́n gbé e lọ sí ọsibítù, a sì mọ̀ pé kò ní bọ̀. Ọjọ́ tí èmi àti Idwal lọ kẹ́yìn, ó ti rù kan egungun. Ó fa ìwé kan yọ lábẹ́ ìrọ̀rí, ewé kan tó ya kúrò nínú ìwé orin, ó ti kọ ewì ìlà mẹ́rin sẹ́yìn rẹ̀. Ó fi lé Idwal lọ́wọ́.

"Fi èyí sórí òkúta mi. Bó ṣe wà gẹ́lẹ́. Má fi ọgbọ́n rẹ kún un."

Idwal ní, "Mo ti fi ọgbọ́n kún un fún ọ láti ìgbà tá a ti wà lọ́mọ ọdún mẹ́fà. Ìgbà wo lo dúpẹ́?"

Tudno rẹ́rìn-ín, ikọ́ sì gbà á. Ẹ̀rín ìkẹyìn tí mo gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ nìyẹn. Ọjọ́ kejì ló kú.

Ewì náà dùn. Ó dágbére fún àbàtà, ó dágbére fún ilé ọtí, ó ní kí òjò má sunkún òun torí òjò ti sunkún tó tẹ́lẹ̀. Ìlà ìkẹyìn ni wàhálà wà. Ohun tí Tudno kọ síbẹ̀ rèé: *o gôr y gwynt, gair i gwawr*. Láti inú ẹgbẹ́ akọrin afẹ́fẹ́, ọ̀rọ̀ kan fún àfẹ̀mọ́júmọ́. *Gwawr*, àfẹ̀mọ́júmọ́ nìyẹn. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kékeré tó wà níwájú rẹ̀ yẹn, *i*, tí í ṣe "fún," ó máa ń bẹ́ *g* dànù lórí ọ̀rọ̀ tó bá tẹ̀ lé e. *I wawr* ló yẹ kó kọ. Ọmọ iléèwé mọ èyí.

Mo bá Idwal tó jókòó sí ilé iṣẹ́ rẹ̀, tó ń wo ìwé náà, omi lójú rẹ̀.

Ó ní, "Ọtí ti jẹ ẹ́ tán, Meinir. Wò ó. Tudno! Ẹni tó máa ń ṣì í láti fi mú mi bínú, ó wá ṣì í lóòótọ́."

"Ó ní bó ṣe wà ni kó o gbẹ́ ẹ."

"Kí gbogbo ẹni tó bá gun òkè wá máa fi í ṣẹ̀sín lórí sàréè rẹ̀? Kí wọ́n ní, ẹ wo ọ̀mùtí tó gba àga mẹ́ta? Ká má rí i."

Ó gbé irin, ó gbé òòlù, ó sì gbẹ́ ẹ bó ṣe rò pé ó tọ́: *I WAWR*. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ síta: ìfẹ́ ló fi ṣe é. Ó fọ ojú òkúta yẹn pẹ̀lú omi bí ẹni ń wẹ òkú, ó dì í nínú aṣọ. Èmi náà wò ó, mo ní ó dáa. Kí ni mo mọ̀?

Láàárín ìgbà yẹn ni ìwé kan dé sọ́wọ́ mi láti ìlú ńlá. Èmi ni mò ń tọ́jú ilé ṣọ́ọ̀ṣì, nítorí náà ọ̀dọ̀ mi ni irú ìwé bẹ́ẹ̀ máa ń wá. Obìnrin kan ló kọ ọ́ lédè Gẹ̀ẹ́sì, ó fọwọ́ sí i pé Gwen. Ó ní òun ni ọmọ akéwì yẹn. Ìyá òun ti kú, òun ò sì gbọ́ èdè wa. Ó ní òun ò béèrè ogún, òun ò béèrè ilé. Ohun kan ṣoṣo lòun fẹ́ mọ̀: nínú gbogbo ohun tí akéwì yẹn kọ láyé rẹ̀, ǹjẹ́ ó dárúkọ òun níbì kan?

Pwt! Mo fi ìwé náà sáyà.

Ọ̀sẹ̀ méjì ni èmi àti Idwal fi wá a. Ìwé mẹ́ta tí wọ́n tẹ̀, àpótí méjì tó kún fún àjákù, ẹ̀yìn páálí sìgá, ẹ̀yìn ìwé dókítà. *Gwen* wà níbẹ̀ lóòótọ́, ìgbà mọ́kànlá, ṣùgbọ́n "funfun" ni *gwen* jẹ́ lédè wa. Ìrì dídì tó funfun, ìfófòó omi tó funfun, ẹṣin funfun kan. Kò sí ọmọ kankan níbẹ̀. Iṣẹ́ náà tún le torí pé Tudno kì í lo lẹ́tà ńlá. Kékeré ni gbogbo lẹ́tà rẹ̀, láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ó ní Ọlọ́run nìkan ló yẹ kó ga ju ẹlòmíràn lọ lójú ìwé, Ọlọ́run náà ò sì tíì kí òun.

Mo dáhùn ìwé obìnrin náà. Mo kọ ọ́ pé rárá, ọmọ mi, a ò rí i. Mo ní kó wá jẹ́ kí a jọ ṣí òkúta náà ní ọjọ́ Sátidé kejì oṣù kẹsàn-án, tó bá wù ú.

Ó wá. Bọ́ọ̀sì ọ̀sán ló gbé e dé, obìnrin bí ẹni ọdún mẹ́rìndínlógójì, ó wọ bàtà tí kò yẹ ilẹ̀ wa, àgbọ̀n rẹ̀ sì jẹ́ ti Tudno géérégé. A gun òkè lọ nínú kùrukùru, àwa bí ogún, a ò ríra wa dáadáa. Ohùn nìkan là ń gbọ́, àti àgùntàn tó ń húkọ́ níbì kan. A kọ orin kan. Idwal ṣí aṣọ kúrò. Ó ka ewì náà sókè pẹ̀lú ohùn rẹ̀ tó dùn yẹn.

Bàbá Caradog ti oko Hafod-las ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ẹni ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́rin ni wọ́n, wọ́n ń kéwì fún àgùntàn wọn.

"Ìlà ìkẹyìn yẹn ń tiro."

Idwal ní, "Kí lẹ wí, Bàbá?"

"Mo ní ó ń tiro. Kọ́ńsónáǹtì tó bá dún ní apá kìíní ìlà, òun náà ló gbọ́dọ̀ tò tẹ̀ léra ní apá kejì. Èmi kọ́ ni mo ṣòfin. *Gôr, gwynt*: *g* méjì. *Gair, wawr*: *g* kan. Ibo lèkejì wà?"

"Bàbá, àìsàn ló ń ṣe é nígbà tó kọ ọ́."

"Àìsàn kẹ̀! Mo ti gbọ́ Tudno tó ń kéwì látinú kòtò, tí orí rẹ̀ wà nísàlẹ̀. Òun ló máa ń ṣubú. Ìlà rẹ̀ kì í ṣubú."

"Ẹ lọ tọ́jú etí yín, ẹ̀yin bàbá yìí."

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀kalẹ̀ lọ sídìí tíì. Obìnrin náà ló dúró. Ó fi ìka lé ìlà ìkẹyìn.

Ó ní, "Ẹ jọ̀wọ́, Bàbá, kí ni akéwì yẹn wí níbí?"

Idwal fara balẹ̀. Ó fẹ́ràn kí èèyàn bi í ní irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀. Ó túmọ̀ rẹ̀ fún un: láti inú ẹgbẹ́ akọrin afẹ́fẹ́, ọ̀rọ̀ kan fún àfẹ̀mọ́júmọ́.

Obìnrin náà yí ojú padà kíákíá. "Àfẹ̀mọ́júmọ́? Ṣé òun kọ́ ni Gwawr?" Kò mọ bí wọ́n ṣe ń pè é, ńṣe ló dún bí ẹni tí eegun há lọ́fun.

Mo ní, "Níbo lo ti gbọ́ ọ?"

"Ó wà nínú ìwé ìbí mi. Orúkọ mi nìyẹn, Màmá. Kò sẹ́ni tó lè pè é níbi tá a wà, ni ìyá mi bá sọ ọ́ di Gwen." Ó tún wo òkúta náà, ojú rẹ̀ ti ń tàn bọ̀. "Ǹjẹ́ èmi kọ́ ló ń bá wí níbí?"

Ẹ ò rí ojú yẹn. Ìrètí ọdún mẹ́rìndínlógójì ló wà níbẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi, ẹni tí ìmọ̀ ń gún bí ẹ̀gún, ó mi orí. Ó fi ìkáàánú mi orí, ó sì ṣàlàyé fún un bí tíṣà.

"Rárá, ọmọ mi. Ọ̀rọ̀ lásán ló máa ń sọ orí nù bẹ́ẹ̀. Orúkọ èèyàn kì í sọ orí nù lédè wa. Ta ló ń bẹ́ orúkọ èèyàn lórí? Tó bá jẹ́ ìwọ ló ń bá wí, *g* rẹ̀ ò ní kúrò níbẹ̀. *I Gwawr* ni ìwọ ìbá rí, pẹ̀lú..."

Mo rí i bí ẹ̀jẹ̀ ṣe kúrò lójú rẹ̀. Àtàǹpàkò rẹ̀ lọ sórí òkúta fúnra rẹ̀, ó ń wá nǹkan níwájú *W* yẹn, ó ń fọwọ́ ra ibi tó tẹ́jú. Obìnrin náà rẹ́rìn-ín músẹ́, ẹ̀rín ẹni tí ilẹ̀kùn tì mọ́ lójú tó sì fẹ́ ṣe bí ọmọlúàbí. Ó ní, "Kò burú, Bàbá. Mo kàn béèrè ni." Idwal yí padà, ó wọnú kùrukùru lọ.

Èmi ni mo mú obìnrin náà sọ̀kalẹ̀. Mo fún un ní tíì àti búrẹ́dì dídùn tó kún fún èso gbígbẹ, kò lè jẹ ẹ́. Ó ní òun máa wọ bọ́ọ̀sì agogo mẹ́rin, òun ò sì rò pé òun tún máa padà wá. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo wa. Agogo mẹ́ta ààbọ̀ ni mo sáré lọ sí ilé iṣẹ́ Idwal.

Ó jókòó sáàárín eruku, ewé ìwé orin yẹn lórí ẹsẹ̀ rẹ̀.

"Ó wà níbẹ̀, Meinir. *G* wà níbẹ̀. Ọwọ́ ara mi ni mo fi yọ ọ́."

"Mo mọ̀. Dìde, ká lọ sọ fún un."

"Mo máa lọ ojú òkúta yẹn títí tó fi máa dán. Ní ìgbà òtútù, mo máa tún gbogbo rẹ̀ gbẹ́. Lẹ́yìn náà, wàá kọ̀wé sí i pé a rí nǹkan kan nínú àpótí. Kò sẹ́ni tó máa mọ̀."

"Ọmọ náà ń wọ bọ́ọ̀sì lọ báyìí!"

"Ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta, Meinir! Tí mo bá sọ ọ́, kò sí òkúta tí wọn ò ní lọ yẹ̀ wò lórí òkè yẹn. Àwọn tí mo ti fi ṣẹ̀sín..."

Ẹ̀yin èèyàn mi, inú bí mi. Mi ò rántí ìgbà tí inú bí mi tó bẹ́ẹ̀. Mo ní, "Idwal Prytherch, ẹni tó kú ní kó o má fi ọgbọ́n rẹ kún un. O fi kún un. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni Tudno dárúkọ ọmọ rẹ̀ láyé, o sì bẹ́ ẹ lórí. O wá fẹ́ kí ọmọ yẹn gbé 'rárá' lọ sílé, kó máa fi sùn títí di ìgbà òtútù, torí kí alápatà má baà fi ọ́ rẹ́rìn-ín? Tó o bá jókòó síbẹ̀, ibẹ̀ ni kó o máa sùn. Mi ò ṣílẹ̀kùn."

Ó wò mí títí. Ọ̀bẹ kì í mú kó gbẹ́ èèkù ara rẹ̀, àfi kí ẹlòmíràn gbé e. Ó dìde.

Obìnrin náà nìkan ló wà ní ibùdókọ̀, báàgì rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀. A ti ń gbọ́ bọ́ọ̀sì nísàlẹ̀ ọ̀nà, a ò tíì rí i. Idwal ṣí fìlà. Mi ò rí i tó ṣí fìlà fún alààyè rí.

Ó ní, "Ọmọ mi, irọ́ ni mo pa fún ọ lókè lẹ́ẹ̀kan. Mi ò mọ̀ pé irọ́ ni. Ọwọ́ bàbá rẹ rèé. Wo ìlà ìkẹyìn. Wo ohun tó wà níwájú. Ó kọ ọ́ dáadáa, èmi ni mo rò pé ó ṣì í. Ìwọ ló ń bá wí. Èmi ni mo gé orí orúkọ rẹ kúrò, ọmọ mi, kì í ṣe òun."

Obìnrin náà gba ìwé náà. Bọ́ọ̀sì dé, ó dúró, dírẹ́bà ṣílẹ̀kùn, ó ní, "Ẹ ń lọ àbí ẹ ò lọ?" Ó pòṣé, ó sì wa ọkọ̀ rẹ̀ lọ. Obìnrin náà ṣì ń wo lẹ́tà kékeré kan tó tẹ̀ bí ìwọ̀ ẹja.

Ó ní, "Ṣé ẹ lè tún un ṣe?"

"Mo máa lọ gbogbo ojú òkúta náà. Mo máa bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Kò sẹ́ni tó máa mọ̀ pé àṣìṣe kankan wáyé."

"Rárá. Ẹ má pa nǹkan kan rẹ́. Ǹjẹ́ ẹ ò lè fi lẹ́tà náà sókè, láàárín ìlà, bí ọmọ iléèwé tó gbàgbé nǹkan?"

"Mo lè ṣe é. Ṣùgbọ́n gbogbo ayé ló máa rí i."

"Kí wọ́n rí i," obìnrin náà wí. "Wọ́n gbàgbé mi, wọ́n sì wá rántí mi lẹ́yìn tí ìlà ti parí. Bó ṣe rí nìyẹn. Ẹ gbẹ́ ẹ bó ṣe rí."

Idwal lọ mú irin rẹ̀. A tún gun òkè, àwa mẹ́ta, oòrùn ìrọ̀lẹ́ sì wọnú kùrukùru, gbogbo ibẹ̀ pọ́n bí inú oyin. Ó kúnlẹ̀ sórí koríko tútù. Ó fi irin fa àmì kékeré kan sílẹ̀ níwájú *W*, lókè rẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀ *G*. Ó pẹ́ díẹ̀. Òòlù rẹ̀ ń dún jẹ́jẹ́, eruku ń bọ́ sórí ọwọ́ obìnrin náà, kò sì gbọ̀n ọ́n dànù. Nígbà tó parí, Idwal fẹ́ ẹ̀mí sínú lẹ́tà náà, ó sì sún sẹ́yìn.

Obìnrin náà gbé ewé ìwé orin sókè lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkúta, ó ń wo èyí, ó ń wo ìyẹn. Láti ọ̀sán, "akéwì yẹn" ló ń pè é. Nínú ìwé tó kọ sí mi, "akéwì yẹn" náà ni.

Ó ní, "Ṣé wọn ò kọ́ bàbá mi pé lẹ́tà ńlá ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀ orúkọ ọmọ èèyàn ni?"

Idwal ní, "Wọ́n kọ́ ọ. Orí bẹ́ǹṣì kan náà la jókòó sí. Kò gbọ́."

Obìnrin náà bú sẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà sì di ẹkún kí ó tó parí, ó sì fi iwájú orí lé òkúta náà, ó ní, "Bàbá mi ò gbọ́."